Lẹ́tà sí Bọ̀dá mi: ìgbà wo ni Bàbá máa lọ bá Màmá?

Bọ̀dá mi,

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Àǹtí pè mí lálẹ́ Tuesday pé ajẹ́ńtì kan ti wá fi téèpù wọn ilé Iléṣà láti ẹnu géètì títí dé ẹ̀yìn kíṣìnì, pé ó tiẹ̀ fẹsẹ̀ dá orí sàréè Màmá kọjá, ó wá yíjú pa dà, ó bi wọ́n pé ṣé "èyí" máa kúrò níbẹ̀ kí ẹni tó fẹ́ ra ilé tó sanwó. Èyí! Mi ò lè sùn. Mo tẹ nọ́ńbà yín, mo tún pa á, torí mo mọ ara mi, tẹ́ ẹ bá ti lè pè mí ní àbúrò mi àtàtà báyìí, gbogbo ohun tí mo ní lọ́kàn ló máa fò lọ, màá tún bẹ̀rẹ̀ sí í bi yín bóyá ìfúnpá yín ti wálẹ̀. Ìdí tí mo fi ní kí n kúkú kọ ọ́ nìyẹn.

Ohun tó jẹ́ kó dùn mí wọra ni pé Sátidé tó ṣáájú ìpè Àǹtí, àwa obìnrin ṣọ́ọ̀ṣì lọ sí Windsor. Láti Slough níbí, ọkọ̀ ojú irin tó ń lọ síbẹ̀ kì í lo ìṣẹ́jú mẹ́wàá, ṣùgbọ́n látìgbà tí mo ti dé ìlú yìí, ẹ̀ẹ̀kan péré kọ́ ni mo ti ń rí ilé ọba yẹn látòkèèrè, mi ò kàn ráyè wọlé ni. Àwọn yòókù ń ya fọ́tò pẹ̀lú sójà. Èmi, ibi tí wọ́n ti sọ Philip ọkọ Kúìnì Elizabeth kalẹ̀ ni mo fẹ́ rí, nínú ṣọ́ọ̀ṣì St George tó wà nínú ọgbà náà.

Ẹ rántí ìgbà yẹn, April 17, 2021. Kòrónà ò jẹ́ kí èèyàn ju ọgbọ̀n lọ níbi ìsìnkú, Kúìnì dá jókòó, ó wọ aṣọ dúdú pẹ̀lú ìbòmú dúdú, ọkọ tí wọ́n fẹ́ra láti 1947. Èmi àti ẹ̀yin jọ wà lórí fóònù nígbà tí pósí bẹ̀rẹ̀ sí í rì wọ inú ilẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì díẹ̀díẹ̀, ẹ pariwo pé "Há, ó ń lọ!" Bàbá ṣì wà láyé nígbà yẹn o. Wọ́n wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín, mo gbọ́ tí wọ́n ní ìsìnkú ọba òyìnbó mà kúrú o, pé ẹnì kankan ò tiẹ̀ jẹ rárá.

Ẹ̀rọ ló ń sọ ọ́ kalẹ̀. Ihò kan wà ní ilẹ̀ ibi tí àwọn akọrin máa ń jókòó sí, pósí á gbabẹ̀ wọlẹ̀, wọ́n á wá gbé e gba ọ̀nà abẹ́ ilẹ̀ kan lọ sí yàrá ńlá tí wọ́n ń pè ní Royal Vault. George Kẹta ló ní kí wọ́n gbẹ́ ẹ, wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní 1804, wọ́n parí ẹ̀ ní 1810, ọdún yẹn náà ni Amelia ọmọ ẹ̀ obìnrin kú, òun ló sì ṣílé. Bàbá kọ́lé òkú tán, ọmọ ló kọ́kọ́ wọ̀ ọ́. Ní 1817, ọmọ ọmọ ẹ̀, Charlotte, kú lórí ìkúnlẹ̀, ọmọ ọdún 21, òkú ọmọkùnrin ló bí, àwọn méjèèjì wà níbẹ̀. Ìyàwó ọba tẹ̀ lé e ní 1818, ọba fúnra ẹ̀ ní 1820, lẹ́yìn náà àwọn ọmọ ẹ̀ méjì tó jọba, George Kẹrin àti William Kẹrin. Ọba Hanover kan, ní ilẹ̀ Jámánì, tiẹ̀ wà níbẹ̀, ojú ẹ̀ fọ́, wọ́n gba ìjọba lọ́wọ́ ẹ̀ ní 1866, ó kú sí Paris ní 1878, wọ́n sì gbé e wá sáàárín àwọn èèyàn ẹ̀. Ìlú ò sí lọ́wọ́ ẹ̀ mọ́, àmọ́ àwọn ẹbí ẹ̀ ò lé e.

Ṣùgbọ́n ohun tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ fetí sí rèé. Kì í ṣe gbogbo ẹni tí wọ́n gbé wọ ibẹ̀ ló ń gbé ibẹ̀. Ibi ìdúró ló jẹ́ fún àwọn míì. Bàbá Kúìnì, George Kẹfà, tó kú ní 1952, inú yàrá yẹn ló wà títí di 1969 tí ṣọ́ọ̀ṣì kékeré tí wọ́n ń kọ́ fún un fi parí, wọ́n sì gbé e lọ síbẹ̀. Margaret àbúrò Kúìnì, Slough wa níbí ni wọ́n ti sun ún ní 2002, eérú ẹ̀ kọ́kọ́ wà níbẹ̀, nígbà tí ìyá wọn kú láàárín ọ̀sẹ̀ díẹ̀ sí i, wọ́n kó o lọ bá bàbá àti ìyá ẹ̀. Ìyá Philip ńkọ́? Alice. Ó kú ní 1969, ó ti sọ ọ́ pé Jerúsálẹ́mù lòun fẹ́ kí wọ́n sin òun sí. Ó pẹ́ o, àmọ́ 1988 ni wọ́n gbé e lọ síbẹ̀, lórí Òkè Ólífì, ibi tó sọ gan-an. Philip fúnra ẹ̀ dúró de ìyàwó ẹ̀ láti April 2021 sí September 2022. Alẹ́ ọjọ́ tí wọ́n sin Kúìnì, September 19, ni wọ́n gbé òun náà jáde, wọ́n sì sin wọ́n pọ̀. Mo dúró níwájú òkúta dúdú náà, orúkọ mẹ́rin ló wà lára ẹ̀, bàbá, ìyá, ọmọ, ọkọ ọmọ. Ìyá Tóyè tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi ní kí ló dé tí mò ń sunkún ọba òyìnbó. Mi ò dá a lóhùn.

Ibi ìdúró. Ọ̀rọ̀ tẹ́ ẹ sọ fún mi gan-an nìyẹn.

Bàbá ò fi ibi tí wọ́n fẹ́ kí wọ́n sin àwọn sí pamọ́. Wọ́n sọ fún gbogbo wa, wọ́n sọ fún pásítọ̀, wọ́n sọ fún Àǹtí, pé ẹ̀gbẹ́ Màmá ni o, pé àwọn ti fi àyè sílẹ̀ níbẹ̀ látìgbà tí wọ́n ti sin Màmá, bí wọ́n ṣe da kọnkéré síbẹ̀ tí wọn ò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbin nǹkan kan sí i. Nígbà tí wọ́n wá kú sí Ìbàdàn, ẹ ní ọ̀nà Iléṣà ò dáa, àwọn ajínigbé ń bẹ lójú ọ̀nà, owó mọ́ṣúárì ń gorí, ẹ jẹ́ ká sin wọ́n sí itẹ́ òkú níhìn-ín ná, ibi ìdúró ni, tí gbogbo nǹkan bá rọlẹ̀ a máa gbé wọn lọ sílé. Ìwé mi ò tíì jáde nígbà yẹn, mi ò lè kúrò nílùú yìí. Mo ní kò burú, Bọ̀dá mi, bẹ́ ẹ bá ṣe rí i. Mo sì fowó ránṣẹ́.

Ọdún wo la wà báyìí?

Ẹ má bínú, mo fẹ́ bi yín ní nǹkan kan tí mi ò tíì bi yín rí. Ọjọ́ ìsìnkú yẹn, lórí WhatsApp. Ẹ fún ọmọ yín ní fóònù pé kó máa fi hàn mí. Mo rí abẹ́ tẹ́ǹtì, mo rí àwọn ẹgbẹ́ akọrin, mo rí pósí, mo gbọ́ tí pásítọ̀ ń sọ pé erùpẹ̀ fún erùpẹ̀. Bí wọ́n ṣe fẹ́ fi okùn sọ ọ́ kalẹ̀ báyìí ni fóònù yí wálẹ̀, bàtà yín ni mo rí, ẹrẹ̀ pupa wà lẹ́sẹ̀ ẹ̀, mo wá gbọ́ ohùn yín, ohùn tiyín o, mi ò lè ṣì í gbọ́: "Pa á. Pa á, kó má bàá rí i."

Ó sì ṣókùnkùn. Lálẹ́, ẹ ní nẹ́tíwọ́ọ̀kì ni.

Kí ni kí n má bàá rí, Bọ̀dá mi? Látìgbà yẹn, mo ti sin Bàbá lọ́nà oríṣiríṣi nínú orí mi. Nígbà míì, màá ní omi òjò ló kún inú sàréè, pé ẹ ò fẹ́ kí n rí Bàbá nínú omi. Nígbà míì, màá ní bóyá pósí tí mo rówó fún kọ́ lẹ rà, bóyá ẹ fi owó yẹn san nǹkan míì, kò sì ní burú lójú mi, mo búra, ẹ kàn sọ ọ́ fún mi. Nígbà míì tó bá di bí aago mẹ́ta òru níbi iṣẹ́, tí àwọn arúgbó ti sùn tán, màá ní òkú ẹlòmíì ti wà nínú sàréè yẹn tẹ́lẹ̀. Mo mọ̀ pé kò bọ́gbọ́n mu. Ṣùgbọ́n ẹ ti fi àyè sílẹ̀ fún mi láti máa rò ó. Alẹ́ tí wọ́n sin Kúìnì pẹ̀lú Philip, kò sí kámẹ́rà níbẹ̀ náà, ẹbí nìkan ni. Àmọ́ wọ́n ti sọ fún gbogbo ayé ṣáájú pé kò ní sí kámẹ́rà. Wọn ò fi hàn wá dé ìdajì kí wọ́n wá pa á mọ́ wa lójú. A rí i tí wọ́n ṣí adé kúrò lórí pósí, a rí i tí baba kan ṣẹ́ ọ̀pá funfun sí méjì tó fi lé e lórí, a rí i tó rì wọlẹ̀. Èmi ọmọ Bàbá, bàtà ni mo rí.

Ẹ sì ti sọ pé àwọn tó ń bójú tó itẹ́ òkú ní tí wọ́n bá hú Bàbá, ó máa da àwọn tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn láàmú. Mo rẹ́rìn-ín nígbà tí mo rántí ẹ̀ ní Windsor, ẹ̀rín òkúrorò. Ọmọ ọba Ethiopia kan wà níbẹ̀, Alemayehu, ọmọ Tewodros. Lẹ́yìn tí àwọn sójà òyìnbó ṣẹ́gun ní Maqdala ní 1868 tí bàbá ẹ̀ sì para ẹ̀, wọ́n mú ọmọ ọdún méje wá sílùú yìí, ìyá ẹ̀ kú lójú ọ̀nà. Ó kú sí Leeds ní 1879, ọmọ ọdún 18, Kúìnì ìgbà yẹn, Fikitóríà, ní kí wọ́n sin ín sẹ́bàá ṣọ́ọ̀ṣì yẹn. Wọ́n kọ ọ́ sára idẹ fún un pé mo jẹ́ àlejò, ẹ̀yin sì gbà mí sílé. Àwọn èèyàn ẹ̀ bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n dá egungun ẹ̀ pa dà. Ní 2023, ààfin ní kò lè ṣeé ṣe láì da ọ̀pọ̀ àwọn tó wà nítòsí ẹ̀ láàmú. Ẹ wò ó, ẹ̀yin àti ààfin, ọ̀rọ̀ kan náà ló wà lẹ́nu yín.

Bẹ́ẹ̀ tó bá wù wọ́n, ó máa ń ṣeé ṣe. Ní 1813, àwọn òṣìṣẹ́ tó ń ṣe ọ̀nà tó lọ sí yàrá yẹn já sínú sàréè Henry Kẹjọ, wọ́n bá Charles Kìíní níbẹ̀, ọba tí wọ́n bẹ́ lórí. Dókítà tó yẹ òkú náà wò mú eegun ọrùn ẹ̀ kan lọ. Ní 1888, lẹ́yìn ọdún 75, wọ́n dá eegun yẹn pa dà sínú àpótí, àrẹ̀mọ ọba fúnra ẹ̀ ló sọ ọ́ kalẹ̀ síbẹ̀. Eegun ọrùn kan ṣoṣo o! Bàbá wa odindi ńkọ́?

Mo tún ń rò nípa Àìná, ọmọ Yewa, tí wọ́n fi ta Fikitóríà lọ́rẹ, tí wọ́n wá ń pè ní Sarah. Ilé Windsor yìí náà ló ti kọ́kọ́ rí Fikitóríà ní 1850. Ikọ́ fée ló pa á ní 1880, Funchal ní Madeira ni wọ́n sin ín sí, ibi tó lọ gba atẹ́gùn. Kò sí nílé ọba, kò sí nílé bàbá ẹ̀.

Èmi náà ń rò ó báyìí. Ẹ̀yìn ti ń dùn mí gan-an láti ibi tí mo ti ń gbé àwọn arúgbó lórí bẹ́ẹ̀dì, ọ̀gá wa sì ti dín wákàtí mi kù, ó ní kò sí owó. Háyà ilé tún gorí. Ìwé kan wá láti ilé iṣẹ́ ìsìnkú, pé kí n máa san díẹ̀díẹ̀ lóṣooṣù fún ìsìnkú ara mi. Ọmọ mi gbà á lọ́wọ́ mi, ó kà á, ó ní Mummy, sísun ló rọ̀ ju sísin lọ. Kò fi ṣe yẹ̀yẹ́ o, ìṣirò ló ṣe. Mo wò ó títí. Kò mọ Iléṣà. Tí ilé yẹn bá lọ, ibo ni mo fẹ́ ní kó gbé mi lọ?

Ẹ̀yin lẹ ta ọ̀kadà yín kí n lè rówó físà. Mi ò gbàgbé, mi ò sì lè gbàgbé láéláé, ẹ fẹsẹ̀ rìn lọ síbi iṣẹ́ fún odindi ọdún kan kí èmi lè wọ bàálù. Tó bá jẹ́ owó ló ká yín mọ́, ẹ sọ iye ẹ̀. Tó bá jẹ́ gbèsè, ẹ sọ ẹni tẹ́ ẹ jẹ. Ṣùgbọ́n ẹ ò lè ta ibi tí Màmá ń sùn sí, pẹ̀lú àyè òfìfo Bàbá lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, kẹ́ ẹ wá ní ajẹ́ńtì ló ní kẹ́ ẹ ṣe kíá.

Àwa mẹ́ta la ni ilé yẹn, Àǹtí ò ní fọwọ́ sí i, èmi náà ò ní fọwọ́ sí i. Iṣẹ́ alẹ́ ni mò ń ṣe títí di Friday, ẹ má pè mí láàárọ̀, mi ò ní gbọ́. Ẹ fi vọ́ìsì nóòtù ránṣẹ́, kó gùn bó bá ṣe fẹ́ gùn, kẹ́ ẹ sì bẹ̀rẹ̀ ẹ̀ láti ibi tẹ́ ẹ ti ní kí ọmọ pa fóònù.

Àbúrò yín,
ní Slough