Sí Adéọlá, lórí iṣẹ́ fídíò àti ṣọ́ọ̀bù àdàkọ wa

Adéọlá ọmọ mi,

A gbọ́ pé wọ́n ti gbà ọ́ sí yàrá àtúntò fídíò ní ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n. O kú oríire. Níwọ̀n ìgbà tó jẹ́ pé ìwọ náà ni yóò máa dúró ti ṣọ́ọ̀bù lópin ọ̀sẹ̀, fi èyí sọ́kàn: àṣìṣe kan nínú máàsítà (fídíò àkọ́kọ́ tí a ń ṣe ẹ̀dà láti ara rẹ̀), igba ni yóò dà bí o bá ṣe igba ẹ̀dà. Wo máàsítà tán pátápátá, lórí tẹlifíṣọ̀n, kí o tó fọwọ́ kan ẹ̀rọ àdàkọ.

Tẹlifíṣọ̀n tiwa, àwòrán 25 ló ń kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Fóònù sábà máa ń ya 30, iye náà a sì tún máa yí láàárín eré. Bí o bá lò ó bẹ́ẹ̀, tó bá fi máa di wákàtí kan, ẹnu pásítọ̀ ti pa dé, ohùn rẹ̀ ṣì ń bọ̀. Sọ ọ́ di 25 gbọn-in, kí o sì yí ìwọ̀n ohùn sí 48 kHz (iye tí fídíò ń lò), kí o tó gé ohunkóhun.

Kíkó kásẹ́ẹ̀tì VHS (kásẹ́ẹ̀tì fídíò àtijọ́) ìgbéyàwó àti ìsìnkú àgbà sínú kọ̀ǹpútà lowó wà báyìí, ju DVD lọ. Yẹ ojú gíláàsì kásẹ́ẹ̀tì wò. Bí etí téèpù bá ti hu funfun, má fi í sínú ẹ̀rọ: ìdọ̀tí yẹn yóò lẹ̀ mọ́ orí ẹ̀rọ, kásẹ́ẹ̀tì oníbàárà tó kàn ni yóò sì jìyà rẹ̀. Èyí tó mọ́, sáré yí i dé òpin, kí o dá a padà, kí téèpù lè le dọ́gba. Ṣẹ́ ike kékeré ẹ̀yìn rẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má bàa gba nǹkan mìíràn lé e. Kásẹ́ẹ̀tì tí wọ́n kọ E-180 sí jẹ́ wákàtí mẹ́ta, wákàtí mẹ́ta náà ni kọ̀ǹpútà yóò fi gbà á. Kò sí ọ̀nà ẹ̀bùrú. Wákàtí ni kí o fi díye lé e.

Dísìkì DVD tí wọ́n kọ 16x (iye eré tó lè sá) sí, 8x ni kí o fi ṣe é. Má lẹ bébà mọ́ ọn, bí ó bá fì sápá kan, yóò máa gbọ̀n. Ní ti flash, ọ̀nà méjì ni a lè gbà tò ó kó lè gba fáìlì, exFAT àti FAT32: ọ̀pọ̀ tẹlifíṣọ̀n àtijọ́ kì í ka exFAT, FAT32 kò sì gba fáìlì tó ju 4 GB lọ. Pín eré gígùn sí méjì.

Bí ẹnìkan bá gbé fíìmù onífíìmù wá pé kí o bá òun ṣe àádọ́ta, béèrè ìwé àṣẹ. Òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ ti 2022 kò yọ ẹni tó ṣe ẹ̀dà sílẹ̀. Bí inú bá bí i, kó máa bínú lọ.

Máàsítà oníbàárà gbọ́dọ̀ wà lórí hard drive méjì, ọ̀kan nílé, ọ̀kan ní ṣọ́ọ̀bù. Kọ iye oṣù tí a ó fi tọ́jú rẹ̀ sórí rìsíìtì. Fáìlì ibi iṣẹ́ rẹ kò gbọdọ̀ dé orí wọn, ì báà ṣe alẹ́ kan péré. Hard drive ti ṣọ́ọ̀bù ti fẹ́ kún. Ra èyí tó jẹ́ 2 TB bọ̀ ní Sátidé, màmá rẹ yóò san owó rẹ̀.

Bàbá rẹ.