Ọ̀rọ̀ kan tí mo túmọ̀ sódì

Ẹ̀yin ọmọ mi, ọ̀dọ́ Ìjọ Àgùdà ní Òṣogbo, mo kí yín.

Lálẹ́ Ọjọ́bọ̀ tó kọjá, ọmọ-ọmọ mi gbé fóònù rẹ̀ wá bá mi níbi tí mo jókòó sí níta. Ó ní, "Bàbá, ẹ wo ohun tí wọ́n ń ṣe nínú gúrúùpù wa." Mo wá awò ojú mi rí, mo bẹ̀rẹ̀ sí í kà. Iná lọ, mo tan tọ́ọ̀ṣì, mo kà á dé ìparí. Ọ̀kan nínú yín ló kọ́kọ́ sọ fún ọ̀rẹ́ rẹ̀ tó jẹ́ ọmọ Áńgílíkà pé ohunkóhun tó bá ti ẹnu Póòpù jáde, abẹ gé e, nítorí pé Póòpù kò lè ṣàṣìṣe láéláé. Ọmọ Áńgílíkà dá a lóhùn pé ènìyàn ẹlẹ́ran ara ni ẹ̀yin ń bọ ní Róòmù. Ẹnìkan láti Rìdíìmù já lu ọ̀rọ̀ náà. Kó tó di agogo mọ́kànlá, Póòpù ti kúrò nínú ọ̀rọ̀, ìyá ara yín lẹ ń bú.

Iyàn jíjà kò bí mi nínú. Bí mo ṣe dàgbà tó yìí, mo ṣì ń jà á. Ohun tó jẹ́ kí n mú bírò ni pé àṣìṣe tí ẹ ṣe lálẹ́ ọjọ́ náà, èmi pàápàá ti ṣe é rí, níwájú pẹpẹ, tòun ti ohùn òkè.

Nígbà náà, Òṣogbo ṣì wà lábẹ́ Díósíìsì Ọ̀yọ́. Ọdún 1995 la tó gba tiwa. Katikísì ni mí, èmi ni mo sì máa ń ṣe ògbufọ̀ fún fadá òyìnbó kan. Lọ́jọ́ tí à ń ṣe àjọ̀dún Pétérù àti Pọ́ọ̀lù, fadá ń wàásù lórí ipò Póòpù. Ó dé ibì kan, ó ní Póòpù jẹ́ infallible. Mo dúró. N kò rí ọ̀rọ̀ tí mo lè fi gbé e. Ìjọ ń wò mí, fadá ń wò mí, òógùn bo iwájú orí mi. Ni mo bá là á mọ́lẹ̀ pé, "Fadá ní Póòpù kì í dẹ́ṣẹ̀!" Gbogbo ìjọ ké "Àmín". Yorùbá tí fadá gbọ́ kò ju ẹ kú àárọ̀ lọ; inú rẹ̀ dùn, ó tẹ̀síwájú.

Lẹ́yìn Mísà, ìyá aláró kan láti Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun dúró dè mí lábẹ́ igi máńgòrò. Ọwọ́ ìyá náà dúdú dé ìgbọ̀nwọ́, àwọ̀ ẹlú tí ọṣẹ kò lè bó mọ́. Ó ní, "Katikísì, Póòpù tí kì í dẹ́ṣẹ̀ yìí, ṣé kì í lọ jẹ́wọ́ ni?" Mo ní ó ń lọ jẹ́wọ́ fún fadá bíi tiwa. Ó ní, "Kí ló wá ń jẹ́wọ́?" Mi ò lè fèsì. Ó tún ní, "Bí a bá bẹ̀rẹ̀ Mísà, tí gbogbo wa ń lu àyà pé ẹ̀bi wa ni, ṣé òun máa ń káwọ́ gbera ni?"

Ìyá tí kò kàwé rárá. Mo gun kẹ̀kẹ́ lọ bá fadá lọ́jọ́ Ajé. Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀, ó wá jókòó, ó ṣàlàyé. Ìgbà yẹn ló yé mi pé Yorùbá tiwa ti pín ọ̀rọ̀ náà sọ́tọ̀ọ̀tọ̀ fún wa, kánjúkánjú ni kò jẹ́ kí n rí i: ẹ̀ṣẹ̀ lọ́tọ̀, àṣìṣe lọ́tọ̀, ìṣìnà lọ́tọ̀. Ọ̀rọ̀ ẹ̀ṣẹ̀ kò sí nínú ohun tí Ìjọ ń wí. Àṣìṣe ojoojúmọ́ kò sí níbẹ̀. Ohun tí Ìjọ ní ni pé bí Póòpù bá ń ṣe irú ìkéde kan báyìí, kò ní ṣi gbogbo ọmọ Kristi lọ́nà. Àìṣìnà ni mo ń pè é láti ìgbà náà. Ní ọjọ́ Àìkú tó tẹ̀lé e, mo tún ọ̀rọ̀ mi sọ níwájú ìjọ. Ìyá aláró ní, "Ó dáa. Ìwọ katikísì ńkọ́, ìwọ lè ṣìnà àbí o ò lè ṣìnà?" Ẹ̀rín pa gbogbo ìjọ.

Ẹ jẹ́ kí n fi ohun tí gbogbo ọmọ Òròkí mọ̀ ṣàlàyé rẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má sì lọ sọ fún fadá pé mo ti di abọ̀rìṣà. Ẹ mọ Arugbá. Lóṣù Kẹjọ, lọ́jọ́ àṣekágbá ọdún Ọ̀ṣun, omidan kan á ru igbá láti ààfin Àtáọ́ja lọ sí ojúbọ létí odò. Ìgbàgbọ́ àwọn tó ń ṣọdún ni pé ẹsẹ̀ rẹ̀ kò gbọdọ̀ kọ títí igbá á fi dé ibi tó ń lọ. Bí ẹsẹ̀ bá kọ, àmì burúkú ni fún ìlú. Kò sẹ́ni tó sọ pé ọmọ náà kì í fẹsẹ̀ kọ bó bá ń lọ sílé ìwé. Kò sẹ́ni tó ní ó mọ ìṣirò ju ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ. Igbá orí rẹ̀, ọ̀nà tó ń tọ̀, ọjọ́ tó jẹ́, ìlú tó ń rù ú fún, ìwọ̀nyẹn ló sọ ọ́ di Arugbá. Bó bá ti sọ igbá kalẹ̀, ọmọ ẹnìkan ní àdúgbò kan ni.

Igbá ti Póòpù náà ní ohun tó gbọ́dọ̀ pé sínú rẹ̀. Ó gbọ́dọ̀ máa sọ̀rọ̀ gẹ́gẹ́ bí olùṣọ́-àgùntàn àti olùkọ́ gbogbo ọmọ Kristi pátá. Ọ̀rọ̀ ìgbàgbọ́ tàbí ti ìwà ló gbọ́dọ̀ jẹ́, kì í ṣe ti òṣèlú tàbí ti bọ́ọ̀lù. Ó sì gbọ́dọ̀ fi àṣẹ tó ga jù lọ tó jogún lọ́wọ́ Pétérù là á sílẹ̀ pé gbogbo Ìjọ ní láti di ẹ̀kọ́ yìí mú, kò sí àtúnyẹ̀wò mọ́. Sísọ̀rọ̀ láti orí àga ni wọ́n ń pè é. Ex cathedra ni lédè Látìnì, ara àga yẹn náà ni orúkọ kàtídírà ti wá. Lẹ́yìn gbogbo ìyẹn, Ẹ̀mí Mímọ́ kò fi ìfihàn tuntun lé e lọ́wọ́. Ìwé tí àwọn bíṣọ́ọ̀bù láti káàkiri ayé kọ níbi ìpàdé ńlá wọn ní Vatican sọ ọ́ kedere: kí ó lè pa ohun tí àwọn àpọ́sítélì fi sílẹ̀ mọ́ ni ìlérí náà wà fún. Ká ní kí ẹsẹ̀ má kọ kò sọ ọ́ di pé ó mọ gbogbo ọ̀nà.

Ọjọ́ 18 oṣù Keje ọdún 1870 ni wọ́n fọwọ́ sí ìwé yẹn, nígbà Póòpù Pius kẹsàn-án. Ẹ má rò pé gbogbo bíṣọ́ọ̀bù kàn ké "Àmín" bí ìjọ tèmi. Ọjọ́ márùn-ún ṣáájú, níbi ìdìbò àkọ́kọ́, 451 fara mọ́ ọn, 88 kọ̀, 62 ní bí wọ́n bá tún apá kan ṣe, àwọn á gbà. Nígbà tó fi máa di ọjọ́ gan-an, ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó kọ̀ ti di ẹrù wọn kúrò ní Róòmù, kí wọ́n má bàa wo ojú Póòpù kí wọ́n sì ní rárá. Ọgbọ́n àgbà nìyẹn, bó bá jẹ́ ọgbọ́n. 533 ní bẹ́ẹ̀ ni. Àwọn méjì péré ló ní àwọn kò fẹ́: bíṣọ́ọ̀bù kan láti Ítálì, àti Edward Fitzgerald ti Little Rock ní Amẹ́ríkà, bí ìbò sì ṣe parí báyìí, àwọn méjèèjì gbà. Òjò ń rọ̀, àrá ń sán lórí òrùlé ilé ìjọsìn Pétérù Mímọ́ bí wọ́n ṣe ń pe orúkọ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Àwọn tí kò fẹ́ ní Ọlọ́run ló ń bínú. Àwọn tó fẹ́ ní bẹ́ẹ̀ náà ló rí lórí òkè Sínáì. Ká ní Òṣogbo ni, ẹ mọ ẹni tí wọn ìbá ní ó ń bínú. Lọ́jọ́ kejì, ogun bẹ́ láàrin Faransé àti Prussia, ọjọ́ 20 oṣù Kẹsàn-án sì ni ọmọ ogun Ítálì gba ìlú Róòmù mọ́ Póòpù lọ́wọ́. Ọdún tí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀ pé kò ní ṣìnà náà ni ilẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Láti ìgbà náà, ìkéde kan ṣoṣo ni kò sí ẹni tó ń jiyàn pé igbá wà lórí nígbà tí wọ́n ṣe é: ti Pius kejìlá ní ọjọ́ 1 oṣù Kọkànlá 1950, pé a gbé Màríà Wúńdíá lọ sọ́run tara-tọkàn. Ti pé wọ́n lóyún rẹ̀ láìní ẹ̀ṣẹ̀ àbínibí ti jáde ní 1854, kí ìwé 1870 tó wà. Gbogbo ohun tí Póòpù ń bá àwọn oníròyìn sọ nínú ọkọ̀ òfuurufú, ìwàásù òwúrọ̀, yíyan bíṣọ́ọ̀bù, kò sí ọ̀kankan nínú igbá yìí. Òfin Ìjọ, orí 749, ní ẹ̀kọ́ kan kò gbọdọ̀ di èyí tí a kéde láìṣìnà àfi bó bá hàn kedere pé bẹ́ẹ̀ ni. Nítorí náà, ìwọ ọmọkùnrin tó kọ "ohunkóhun" nínú gúrúùpù, o ti fún Póòpù ní ohun tí Póòpù kò bèèrè.

Mo rí i tí ẹnìkan nínú yín bèèrè pé ṣé Póòpù kankan ti sọ̀rọ̀ kó ká a padà rí. Ẹ ò dá a lóhùn, èébú lẹ fún un. Bẹ́ẹ̀ ni o. Póòpù John kejìlélógún wàásù ní Avignon ní 1331 pé àwọn olódodo tó kú kò tíì rí ojú Ọlọ́run, pé ó di ọjọ́ ìdájọ́. Àwọn onímọ̀ ní Paris ta kò ó, ariwo sọ, ó sì kó ọ̀rọ̀ rẹ̀ jẹ lórí ibùsùn ikú ní 1334. Kò ru igbá lọ́jọ́ tó wàásù, ẹsẹ̀ kọ. Ẹ tún ka Gálátíà 2:11, kí ẹ wo bí Pọ́ọ̀lù ṣe kojú Pétérù fúnra rẹ̀ ní Áńtíókù.

Ohun míì tí ẹ lọ̀ pọ̀ mọ́ ọn ni àṣẹ. Orí kẹta ìwé 1870 ló sọ nípa àṣẹ Póòpù láti ṣàkóso, orí kẹrin ló sọ nípa àìṣìnà. Ti àṣẹ ló fẹ̀. Orí 1404 nínú òfin Ìjọ ní kò sẹ́ni tó lè dá Póòpù lẹ́jọ́. Kábíyèsí ni, ká bi yín kò sí. Ṣùgbọ́n àwa Yorùbá mọ̀ pé kábíyèsí lè pàṣẹ tí kò mọ́gbọ́n dání. Ìdí nìyẹn tí Ọ̀yọ́ Mèsì fi wà. Àṣẹ tí kò ní ẹni tí yóò bi í, àti ọ̀rọ̀ tí kò lè ṣìnà, ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n. Ọ̀pọ̀ àwọn tó jà lórí ọ̀rọ̀ yìí, láti orí Döllinger, fadá onímọ̀ ẹ̀sìn ará Jámánì tí wọ́n lé kúrò nínú Ìjọ ní 1871, títí dé Hans Küng, fadá onímọ̀ ẹ̀sìn ará Switzerland tí wọ́n gba ìwé àṣẹ ìkọ́ni rẹ̀ ní 1979, ibi tí àṣẹ àti àìṣìnà ti wọnú ara wọn ló ká wọn lára.

Ibi tó dùn mí jù lọ nìyí, nítorí mo mọ bó ṣe ń sọ̀ kalẹ̀ dé ọ̀dọ̀ wa. Ní ìjọ kan tí n kò ní dárúkọ, fadá kan fẹ́ mọ ògiri ní gbàgede ṣọ́ọ̀ṣì láàrin òjò. Àwọn àgbà ní ilẹ̀ ibẹ̀ rọ̀, kí wọ́n jẹ́ kí ẹ̀ẹ̀rùn dé. Fadá ní òun ti sọ̀rọ̀, ó parí. Gbogbo wa dákẹ́. Èmi tí mo mọ orí òfin dákẹ́, mo ṣe bí ẹni pé àìṣìnà ti Róòmù balẹ̀ sórí sìmẹ́ńtì. Kí òjò ọdún náà tó dá, ògiri ti là láti òkè dé ìsàlẹ̀. Mo ti àtàǹpàkò mi bọ ojú ẹ̀là náà, ó gbà á. Alága ẹgbẹ́ ọkùnrin wò mí, mo wò ó, a kò sọ nǹkan kan. Bẹ́ẹ̀ sì ni orí 212 wà nínú òfin kan náà, pé ọmọ ìjọ ní ẹ̀tọ́, nígbà mìíràn ó tiẹ̀ jẹ́ ojúṣe rẹ̀, láti sọ èrò ọkàn rẹ̀ fún àwọn olùṣọ́-àgùntàn pẹ̀lú ọ̀wọ̀. Owó wa ló wà nínú ògiri yẹn.

Ẹ̀yin ọmọ ìjọ míì tó wà nínú gúrúùpù náà, mo gbọ́ ti yín. Ṣùgbọ́n ẹni tí pásítọ̀ rẹ̀ ń sọ lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ pé "Olúwa ní kí n sọ fún yín" nípa ẹni tí ẹ máa fẹ́ àti ilẹ̀ tí ẹ máa rà, kí ó rọra máa fi ìkéde kan ti ọdún 1950 ṣe yẹ̀yẹ́.

John Henry Newman, fadá onímọ̀ ẹ̀sìn ará Gẹ̀ẹ́sì, tí a kà mọ́ àwọn ènìyàn mímọ́ ní 2019, gba ẹ̀kọ́ àìṣìnà yìí gbọ́, bó tilẹ̀ rò pé àkókò kò tíì tó láti kéde rẹ̀. Ní 1875 ó kọ ọ́ pé bó bá di dandan kí òun gbé ife sókè láti fi yẹ́ ẹnìkan sí nítorí ẹ̀sìn lẹ́yìn oúnjẹ, òun á gbé e fún Póòpù, ṣùgbọ́n ẹ̀rí ọkàn lòun á kọ́kọ́ gbé e fún. Ó sì kú sínú Ìjọ, kádínà ni.

Ẹ wá sọ́dọ̀ mi lẹ́yìn Mísà kejì bí ẹ bá fẹ́ rí ìwé òfin náà. Mo ti fi ewé ọ̀pẹ sí orí tí mo dárúkọ. Ní ti ẹni tó bú ìyá ọmọ Áńgílíkà, mo dá orúkọ rẹ mọ̀. Ìyá yẹn ló ń ta ògì fún ilé wa. Lọ dọ̀bálẹ̀ fún un kí ọjọ́ Àìkú tó pé, kí o tó wá tò lọ gba Kómúníọ̀nù.

Èmi ni bàbá yín, katikísì tó ti fẹ̀yìn tì.