Ìsọjí ilẹ̀ ni kí ẹ máa pè é

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ mi ọkùnrin ló máa ń ra ìwé ìròyìn yín wálé láàárọ̀ Sátidé. Bí mo bá kà á tán, ìdí irúgbìn ni mo máa ń fi í wé, kí ilẹ̀ má baà dà sínú mọ́tò oníbàárà. Ẹ má bínú, iṣẹ́ mi ló fa irú ẹ̀. Ṣùgbọ́n ojú ewé tí ẹ ti kọ̀wé nípa àwọn tó ń gbin nǹkan sínú aṣálẹ̀, mi ò tíì fi wé nǹkan kan. Mo ká a sábẹ́ ìrọ̀rí. Ó dùn mọ́ mi, ó sì tún bí mi nínú díẹ̀.

Orúkọ tí ẹ sọ iṣẹ́ náà ló bí mi nínú: "àyípadà iyanrìn aṣálẹ̀ sí ilẹ̀ ọlọ́ràá". Kí ènìyàn tó pè é tán, òjò á ti dá. Ẹ tún kọ ọ́ bí ẹni pé idán ni, pé ẹnì kan da nǹkan sórí iyanrìn, iyanrìn bá di oko. Èmi tí mò ń kọ̀wé yìí, iyanrìn ni mò ń bá wọ̀yá ìjà láti 2006, ẹ jẹ́ kí n sọ tèmi.

Òdòdó ni mò ń tà, àti igi, àti koríko tí wọ́n ń tẹ́ sí àgbàlá ilé. Ṣàngótẹ̀dó ni mo wà, létí títì tó ti Lẹ́kí lọ sí Ẹ̀pẹ́. Ọ̀pọ̀ ilé tó wà lápá ọ̀sà níbẹ̀, orí àbàtà ni. Ẹ̀rọ ló fa iyanrìn wá láti abẹ́ omi, tí wọ́n fi dí i kí wọ́n tó kọ́lé sí i. Iyanrìn ọ̀hún funfun báláú, kò sí ewé, kò sí kòkòrò nínú rẹ̀. Ènìyàn á kọ́ ilé olówó gọbọi tán, á wá pè mí: "Ìyá Olódòdó, mo fẹ́ koríko tó tutù yọ̀yọ̀ o."

Iṣẹ́ ńlá àkọ́kọ́ tí mo gbà nínú irú ilé bẹ́ẹ̀, mo bà á jẹ́. Mo ra ilẹ̀dú típà kan, mo ní kí àwọn ọmọ tẹ́ ẹ lé iyanrìn lórí kó nípọn bí ìka méjì, a wá tẹ́ koríko lé e. Lọ́sẹ̀ kìíní, ẹni tó bá rí i á fẹ́ sùn lé e. Nígbà tó fi máa pé ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, ó ti gbẹ kangíkangí. A ń bomi rin ín láàárọ̀, a ń bomi rin ín nírọ̀lẹ́, omi kàn ń wọlé lọ ni, bí ẹni ń da omi sínú ajere. Mo dá owó olówó padà. Ọkọ mi, kí Ọlọ́run tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere, ló yá mi lára owó náà, wọn ò sì jẹ́ kí n gbàgbé títí wọ́n fi lọ.

Málàm ló là mí lójú. Ọlọ́dẹ ni ní ilé kejì, ó wá láti Illéla, ní apá Tahoua lórílẹ̀-èdè Niger. Ó ti ń wò wá láti ọjọ́ tí a ti ń tẹ́ ilẹ̀dú yẹn, kò sọ nǹkan kan. Ìgbà tí koríko kú tán ló wá sọ fún mi pé, "Hájíà" (èmi ò lọ Mẹ́kà o, bó ṣe ń pè mí nìyẹn), "ẹ fi aṣọ bo iyanrìn lórí ni, ẹ ò fún un lóúnjẹ." Lọ́jọ́ kejì, ó gbẹ́ ihò mẹ́fà fún mi láìgba kọ́bọ̀. Ihò kọ̀ọ̀kan tó àwo tí a fi ń jẹ ẹ̀bà, jíjìn rẹ̀ tó ìbú ọwọ́ méjì. Ó bu ìgbẹ́ màlúù tó ti gbẹ sí i, ó da ewéko gbígbẹ lé e, ó ní kí n fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀ kí òjò tó dé. Tassa ni wọ́n ń pè é nílùú wọn.

Ọ̀rọ̀ tassa yìí wọ̀ mí lára tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi ní kí ọmọ mi bá mi wá ìdí rẹ̀. Ó kà á fún mi pé ní 1989, àwọn àgbẹ̀ 13 láti Illéla lọ sí Yatenga ní Burkina Faso, wọ́n lọ wo bí àwọn Mósì ṣe ń gbẹ́ irú ihò yìí, èyí tí àwọn yẹn ń pè ní zaï. Nígbà tí wọ́n délé, wọ́n rántí pé àwọn baba tiwọn náà ti ń ṣe é tẹ́lẹ̀, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í gbẹ́ ẹ padà. Málàm ní ọmọdé lòun nígbà yẹn, ṣùgbọ́n òun rántí ọdún tí jéró wọn bẹ̀rẹ̀ sí í dúró.

Nínú ọ̀rọ̀ tí ẹ kọ, mo wá orúkọ Yacouba Sawadogo títí, mi ò rí i. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀ mọ́. Abúlé Gourga ní Yatenga ni ọkùnrin yẹn ti dáko. Ọ̀dá mú wọn gan-an níbẹ̀, ilẹ̀ le koko, omi òjò kàn ń sáré kọjá lórí rẹ̀ ni, kì í wọlé. Àwọn aládùúgbò ń sá lọ sí ìlú, òun ní òun ò lọ. Ó gbẹ́ ihò zaï fẹ̀ ju bí àwọn àgbà ṣe ń gbẹ́ ẹ lọ, ó ń bu ìgbẹ́ ẹran sí i nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, tí àwọn ènìyàn fi ní orí rẹ̀ ti dàrú. Àwa níbí, bí a bá rí ikán, a ó sáré mú kẹ́rosíìnì. Òun ń fi ìgbẹ́ pe ikán wá ni. Ikán á jẹ ìgbẹ́ náà, á lu ilẹ̀ sí ihò wẹ́wẹ́, omi òjò á wá rí ọ̀nà wọlé. Ọkà rẹ̀ ta, igi hù láàárín ọkà, kò sì gé wọn. Nígbà tó dàgbà, igbó odindi ló ní níbi tí kò sí koríko tẹ́lẹ̀. Wọ́n fún un ní ẹ̀bùn Right Livelihood ní 2018, ó sì jáde láyé ní 2023.

Àwọn tó gbọ́ èdè Mósì ní ọ̀rọ̀ kan tó túmọ̀ sí pé kí ènìyàn tètè jí, kó yára lọ tún ilẹ̀ rẹ̀ ṣe, ni wọ́n ti yọ zaï. Ẹ fi ìyẹn sọ́kàn, mo ń padà bọ̀ síbẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká tọwọ́ bọ iyanrìn fúnra rẹ̀. Bí mo bá fẹ́ mọ ohun tó wà nínú àgbàlá oníbàárà, ẹ̀kúnwọ́ kan ni mo máa ń bù, mo á rin ín díẹ̀, mo á fún un. Bó bá tú ká ní kété tí mo lajú ọwọ́, iyanrìn lásán ni. Bó bá dúró tí ojú ìka mi hàn lára rẹ̀ bí ti ìkòkò tí wọ́n ń mọ, amọ̀ ni. Bó bá dúró, tí mo sì fi ìka kan tá a tó fọ́, ilẹ̀ nìyẹn, owó ti wọlé. Ẹyọ iyanrìn tóbi, kò lẹ̀ mọ́ ẹnìkejì rẹ̀. Èyí tó tóbi jù nínú rẹ̀ lè fẹ̀ tó mìlímítà 2. Bí ẹ bá to ẹyọ amọ̀ 1,000 sórí ìlà kan, wọn ò ní fẹ̀ jù ú lọ. Kíkéré tí amọ̀ kéré yìí ló jẹ́ kó lè di omi mú, kó sì di oúnjẹ ọ̀gbìn mú pẹ̀lú.

Ohun tí àwọn òyìnbó Nọ́wè tí ẹ kọ̀wé nípa wọn rí nìyẹn. Kristian Morten Olesen ló po amọ̀ mọ́ omi títí ó fi ṣàn bí omi àgbàrá, tí wọ́n fi lè fọ́n ọn sórí iyanrìn bí ẹni ń bomi rin oko, kó lè rìn wọlé kó sì lẹ̀ mọ́ ẹyọ iyanrìn lọ́kọ̀ọ̀kan. Wọ́n gbìn ín wò ní Dùbáì ní 2020, nígbà tí àrùn kòrónà ti gbogbo ènìyàn mọ́lé, wọ́n sì kórè wọ́tàmẹ́lọ́nù àti jéró. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin ẹ ní kò sí ẹni tó mọ irú rẹ̀ rí. Áà! Kí ni odò Náílì ń ṣe ní Íjíbítì láti ayé Fáráò? Ọdọọdún ló ń kún, tó ń gbé ẹrẹ̀ wá tẹ́ sórí oko wọn, kí wọ́n tó kọ́ ìdídò Aswan, èyí tí wọ́n parí ní 1970. Ẹrẹ̀ yẹn dúró sẹ́yìn ìdídò, àwọn àgbẹ̀ ìsàlẹ̀ odò wá ń ra ajílẹ̀ alápò.

Ti Ṣáínà yàtọ̀ díẹ̀. Yi Zhijian tó ń kọ́ni ní Yunifásítì Jiaotong tó wà ní Chongqing kì í ṣe onímọ̀ ọ̀gbìn rárá. Agbára àti ìdúró nǹkan ni ẹ̀kọ́ tirẹ̀, irú èyí tí àwọn tó ń kọ́ afárá máa ń kọ́. Bóyá ìdí nìyẹn tó fi bi ara rẹ̀ léèrè pé kí ló dé tí iyanrìn kì í dìmọ́ra. Ó yọ ohun kan tó ń fà bí ògì lára ewéko, ó pò ó mọ́ omi àti iyanrìn. Ní 2016, wọ́n gbìn ín wò lórí hẹ́kítà 1.6 nínú aṣálẹ̀ Ulan Buh. Àgbàdo hù, tòmátì hù, òdòdó oòrùn náà tanná. Mo rí fọ́tò rẹ̀, mi ò purọ́, ó wù mí. Àmọ́ nígbà tí mo fi han Málàm, ìbéèrè kan ṣoṣo ló bi mí: "Omi ńkọ́?" Ulan Buh ò jìnnà sí Yellow River, odò ńlá ilẹ̀ Ṣáínà. Dùbáì lówó tí wọ́n fi ń yọ iyọ̀ kúrò nínú omi òkun. Ní Illéla, òjò Ọlọ́run ni wọ́n ń dúró dè, ìdí nìyẹn tí ihò fi ṣe pàtàkì fún wọn ju ògì lọ. Èmi ní Ṣàngótẹ̀dó, òjò ń pa mí lápajù, iyọ̀ òkun ni mo kọ́kọ́ ń jẹ́ kó fọ̀ kúrò. Kò sí ọ̀kan nínú gbogbo wọn tó ń dá omi. Ẹ ò kọ ìyẹn.

Ó wá ku ọ̀rọ̀ orúkọ. Wọ́n ní ohun tí àwọn Ṣáínà ń pè é lédè wọn kò ju "sísọ di ilẹ̀" lọ. Ọmọ mi ní ká kúkú máa pè é ní ìsọdilẹ̀. Mo ní ṣé orí rẹ pé? L'Ékòó tí a wà yìí, ẹni tó bá gbọ́ pé ìjọba fẹ́ ṣe ìsọdilẹ̀ ládùúgbò rẹ̀, katapílà ló máa rò, á ti máa kó ẹrù jáde.

Èmi wá ro ọ̀rọ̀ méjì kan tó ti wà lẹ́nu wa látọjọ́ pípẹ́. Aṣálẹ̀, létí tèmi, ilẹ̀ tó ṣá ni, bí aṣọ ṣe ń ṣá. Ajílẹ̀ ńkọ́, ohun tí à ń bù sídìí ọ̀gbìn? Ohun tó ń jí ilẹ̀ ni. Ọ̀kan ṣá, ọ̀kan jí. Àwọn Mósì náà sì ń sọ̀rọ̀ ẹni tó tètè jí. Inú mi dùn, mo ní mo ti rí i: jíjí ilẹ̀! Mo sọ ọ́ fún oníbàárà mi kan tó jẹ́ lọ́yà, ó bú sẹ́rìn-ín. Ó ní ẹjọ́ jíjí ilẹ̀ tó wà lọ́wọ́ òun ní Ìbẹ̀jú nìkan tó mẹ́jọ. Mo ní ká kúkú sọ pé a ta ilẹ̀ jí. Ó ní ìyẹn tún burú, wọ́n á ní mo ta ilẹ̀, mo tún jí i. Kò sí bí a ṣe fẹ́ sọ̀rọ̀ ilẹ̀ lápá ọ̀dọ̀ wa tí ọmọ onílẹ̀ ò ní yọjú.

Ìsọjí ni mo wá fi tì sí. Ẹni tó dákú tó tún mí, a ní ó sọjí. Irúgbìn tó rọ tí a bomi rin, ó sọjí. Mo mọ̀ pé àwọn kan á ní ọ̀rọ̀ ṣọ́ọ̀ṣì ni, nítorí páálí tí wọ́n ń lẹ̀ káàkiri. Kí ṣọ́ọ̀ṣì tó dé ni àwọn baba wa ti ń dákú tí wọ́n ń sọjí. Ìsọjí ilẹ̀. Ọmọ ọdún márùn-ún lè pè é.

Ọmọ mi ò gbà. Ó ní ohun tí kò wà láàyè rí kò lè sọjí, pé iyanrìn ni iyanrìn ń jẹ́. Mo bi í pé Sàhárà ńkọ́? Lára àpáta Tassili n'Ajjer ní Algeria, àwọn ará ìgbàanì ya agbo màlúù síbẹ̀, níbi tí ràkúnmí pàápàá ti ń fi orí ṣọ́ omi lónìí. Ní nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún mẹ́fà sẹ́yìn, pápá tútù àti adágún omi ló wà níbẹ̀. Ilẹ̀ náà dákú ni. Mo gbà fún un pé ti Lẹ́kí yàtọ̀, iyanrìn tí wọ́n fà lábẹ́ omi kò jẹ́ oko ẹnikẹ́ni rí. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ ọwọ́ kan náà ni, mi ò lè máa pe iṣẹ́ kan lórúkọ méjì nítorí tirẹ̀.

Nísinsìnyí, bí mo bá gba iṣẹ́ àgbàlá oníyanrìn, a ó wa ilẹ̀ náà jìn tó ẹsẹ̀ bàtà kan. Bárò iyanrìn mẹ́ta, bárò amọ̀ pupa kan, bárò ìgbẹ́ adìyẹ kan. Kí ìgbẹ́ náà ti jẹrà o, torí tútù rẹ̀ á jó gbòǹgbò. A ó pò ó pọ̀, a ó fi sílẹ̀ fún oṣù kan, oníbàárà á máa pariwo. Lẹ́yìn náà ni mo ń tẹ́ koríko. Málàm ti padà sílé láti ọdún mẹ́ta, ó ń gbẹ́ tassa tirẹ̀.

Bí àwọn àgbà kan ní Òkè-Ògùn tàbí Kétu bá mọ ọ̀rọ̀ tí àwọn àgbẹ̀ àtijọ́ ń lò fún ilẹ̀ tó ti ṣá tó sì padà sípò, ẹ jẹ́ kí wọ́n kọ ọ́ ránṣẹ́ sí yín. Bó bá dáa ju tèmi lọ, mo gbà. "Àyípadà iyanrìn aṣálẹ̀ sí ilẹ̀ ọlọ́ràá" nìkan ni mi ò gbà.

Èmi ni tiyín,
Ìyá Olódòdó,
Ṣàngótẹ̀dó, Èkó.