Lẹ́tà sí Bàbá mi ní Ìdànrè, nítorí àwọn òkè

Glasgow, Skọ́tílándì
Ọjọ́ 27, oṣù kẹjọ, ọdún 2023

Bàbá mi ọ̀wọ́n,

Mo kúnlẹ̀ kí yín o, mo sì kí Màmá. Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Ará ilé ńkọ́? Ẹsẹ̀ tó ń dun Màmá ńkọ́, ṣé ó ti ń rọ̀ wọ́n? Àwa níbí wà dáadáa, a dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Nígbà tí a sọ̀rọ̀ lórí fóònù lọ́jọ́ Àìkú, ẹ bi mí pé kí ni mo fi ọjọ́ ìbí mi ṣe. Bí mo ṣe ní a jáde lọ sí àárín òkè báyìí ni fóònù gé. Mo wá rò ó pé kí n má tún fi fóònù sọ ọ́ mọ́. Ẹ̀yin lẹ kọ́ mi ní jọ́gíráfì ní kíláàsì, kí ẹ tó tún wá kọ́ mi nílé. Ní gbogbo ọjọ́ yẹn, bí mo bá ti rí nǹkan, ẹ̀yin ni mo máa ń yíjú wá pé kí n fi hàn.

Ọdún kẹfà rèé tí mo ti ń gbé Glasgow, ṣùgbọ́n Skọ́tílándì tí mo mọ̀ kò ju ojú ọ̀nà ilé sí ọsibítù lọ. Lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo tí a bá bọ́ọ̀sì ńlá jáde, èrò bí àádọ́ta ló wà nínú rẹ̀: ẹ sọ̀ kalẹ̀ fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ó yá, ẹ padà wọlé. Èébì gbé Ayọ̀, kò sí ibi tí awakọ̀ lè dúró sí, orí aṣọ mi ló bì í sí. Nítorí ẹ̀ ni Bàbá Ẹniọlá fi ní ti ogójì ọdún mi yìí, mọ́tò tiwa nìkan la máa gbà, pẹ̀lú afinimọ̀nà tó jẹ́ pé òun náà ló máa wà á, kí a lè dúró níbi tó bá wù wá. Mo mọ̀ pé ẹ máa béèrè iye rẹ̀. Ó wọ́n. Oṣù méje la fi ń tọ́jú owó náà díẹ̀díẹ̀, mo sì fi iṣẹ́ alẹ́ mẹ́rin kún un. Inú mi dùn sí gbogbo kọ́bọ̀ tó lọ sí i.

Aago méje àbọ̀ géérégé ni ọkùnrin náà dé ẹnu ọ̀nà wa. Ó máa tó bí ọmọ ọgọ́ta ọdún, ó ró kílìtì, aṣọ olójú mẹ́rin-mẹ́rin tí àwọn ọkùnrin wọn ń ró dé orúnkún. Kò tíì bi wá ibi tí a fẹ́ lọ tó fi bi wá pé, níbo lẹ ti wá, báwo sì ni ilẹ̀ ibẹ̀ ṣe rí? Mo ní Ìdànrè ni, ìlú tí òkè yí ká, tí àwọn bàbá wa gbé lórí àpáta kí wọ́n tó sọ̀ kalẹ̀ wá tẹ ìsàlẹ̀ dó. Ó mi orí, ó ní òun ti mọ ọ̀nà tí òun máa gbà.

Àríwá la kọrí sí. Kò pẹ́ tí a fi kan Loch Lomond, adágún tí ojú omi rẹ̀ fẹ̀ jù ní gbogbo Britain, tí erékùṣù inú rẹ̀ ju ogún lọ. Ọ̀nà ibẹ̀ tóóró, àpáta lọ́wọ́ òsì, omi lọ́wọ́ ọ̀tún, bí mọ́tò ńlá bá ń bọ̀, àfi kí èèyàn fún ara mọ́ ẹ̀gbẹ́. Ibẹ̀ ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í ka pátákó ojú ọ̀nà fún wa. Orúkọ méjì-méjì ló wà lára wọn, ti Gẹ̀ẹ́sì àti ti Gaelic, èdè àwọn ará òkè. Bàbá, bí ẹ bá wà níbẹ̀, ẹ̀rín ò ní kúrò lẹ́nu yín. Gbogbo orúkọ tí ẹ ní kí a há sórí láti inú máàpù, tí a há láìmọ ìtumọ̀ wọn, ọ̀rọ̀ lásán ni wọ́n bíi tiwa. Loch ni adágún. Ben ni òkè. Glen ni àfonífojì. Inver ni ẹnu odò, Inverness sì ni ẹnu odò Ness. Irú orúkọ kan náà tí àwa ń sọ ìlú ni: Òkè-Igbó, Odò-Ọ̀nà, Ìsàlẹ̀ Èkó. Òkè ńlá kan wà tó dá dúró lẹ́nu àbáwọlé Glencoe tí ń jẹ́ Buachaille Etive Mòr. Ó ní ìtumọ̀ rẹ̀ ni darandaran ńlá ti Etive. Bí a sì ti wò ó láti ọ̀nà jíjìn, ó dúró lóòótọ́ bí ẹni tó ń da ẹran, tó ń wo ibi tí agbo rẹ̀ gbà lọ.

Kí a tó kan òkè náà, a kọ́kọ́ gba Rannoch Moor kọjá. Pápá ẹrọ̀fọ̀ ni, ilẹ̀ dúdú tí koríko ti ń jẹrà sínú omi láti ayébáyé, tí àwọn èèyàn ń gé ní pèlé-pèlé, tí wọ́n ń sá a, tí wọ́n sì fi ń dáná. Ọkùnrin náà páàkì sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà, ó ní kí Ẹniọlá dúró sórí koríko kan, òun náà rìn sẹ́yìn bí ìgbésẹ̀ mẹ́ta, ó sì fò sókè lẹ́ẹ̀kan. Ilẹ̀ tí ọmọ mi dúró lé mì bí ẹ̀kọ tí kò tíì dì. Ẹniọlá pariwo, ó ní kí ó tún un ṣe. Orí irú ilẹ̀ yìí ni wọ́n la ojú irin gbà, tí rélùwéè sì bẹ̀rẹ̀ sí í rìn ní ọdún 1894. Ẹrọ̀fọ̀ ń gbé gbogbo ohun tí wọ́n bá dà sí i mì, ni wọ́n bá kó gbòǹgbò igi, ẹ̀ka wẹ́wẹ́, erùpẹ̀ àti eérú jọ, wọ́n tẹ́ wọn bí ẹní, wọ́n wá gbé irin lé ẹní náà lórí. Orí ẹní yẹn náà ni rélùwéè ṣì ń gbà títí dòní.

Lẹ́yìn náà la wọ Glencoe. N kò mọ bí n óò ṣe sọ ọ́. Òkè tiwa jẹ́ àpáta borokoto tí orí rẹ̀ pá, tí oòrùn máa ń gbóná lára rẹ̀. Tiwọn ga tààrà láti ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà, koríko bò ó dé ìdajì, omi ń já wálẹ̀ lára rẹ̀ ní tẹ́ẹ́rẹ́-tẹ́ẹ́rẹ́ bí òwú tí wọ́n ta. Ìgbà òdòdó wọn ni oṣù kẹjọ, àwọ̀ elésè-àlùkò sì bo gbogbo ẹsẹ̀ òkè. Òjò rọ̀, oòrùn yọ, kùrukùru sọ̀ kalẹ̀, ó tún gbéra, gbogbo rẹ̀ láàárín wákàtí kan. Nínú kùrukùru yẹn ló ti sọ ìtàn ibẹ̀ fún wa. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ka ibí yìí sókè kí Màmá gbọ́.

Ọba William pàṣẹ pé kí gbogbo olórí ìdílé ní ilẹ̀ òkè wá búra fún òun kó tó di ọjọ́ kìíní, oṣù kìíní, ọdún 1692. Olórí àwọn MacDonald ti Glencoe lọ. Ọjọ́ tó parí ọdún ló dé Fort William. Wọ́n ní kò sí ẹni tó lẹ́tọ̀ọ́ láti gba ìbúra níbẹ̀, kí ó lọ sí Inveraray, bẹ́ẹ̀ ìgbà òtútù paraku ni. Ọjọ́ kẹfà oṣù ló tó rí ibi búra. Ó búra, ó padà sílé, ó rò pé ọ̀rọ̀ ti tán. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kejì, àwọn ọmọ ogun bíi 120 dé, wọ́n ní ibi tí àwọn máa wọ̀ sí ni àwọn ń wá. Robert Campbell ni orúkọ ọ̀gá wọn, ìbátan rẹ̀ sì ni ìyàwó ọ̀kan nínú àwọn ọmọ olórí náà. Wọ́n pín wọn sí ilé kọ̀ọ̀kan. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ọ̀sẹ̀ méjì tí wọ́n fi jẹun pọ̀, tí wọ́n fi jọ yáná, tí wọ́n jọ ta káàdì. Ni ìwé bá dé pé kí wọ́n pa gbogbo ẹni tí kò bá tíì pé 70 ọdún. Ní ìdájí ọjọ́ 13, oṣù kejì, wọ́n dìde sí àwọn tó gbà wọ́n lálejò. Bíi èèyàn 38 ni wọ́n pa. Olórí náà ń dìde lórí ibùsùn rẹ̀ ni wọ́n yìnbọn lù ú. Àwọn tó sá gun òkè nínú yìnyín, obìnrin àti ọmọdé, òtútù pa púpọ̀ nínú wọn.

Ó ní láyé ìgbà yẹn, òfin Skọ́tílándì ní orúkọ ọ̀tọ̀ fún irú ìpànìyàn bẹ́ẹ̀, pípa ẹni tó fọkàn tán ni, wọ́n sì kà á sí ohun tó burú ju ìpànìyàn lásán. Mo ní lọ́dọ̀ tiwa, àwọn tó bá ti jẹun pọ̀, ilẹ̀ ni ẹlẹ́rìí wọn, ẹni tó bá dalẹ̀ á bá ilẹ̀ lọ. Ó ní kí n fi Yorùbá sọ ọ́. Mo sọ ọ́. Ó ní kí n tún un sọ, mo tún un sọ, ó sì dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀.

Wọ́n ti kọ́ irú ilé tí àwọn ará àfonífojì náà ń gbé nígbà yẹn síbẹ̀, kí àlejò lè wọ̀ ọ́ wò. Ẹ̀ka igi ni wọ́n hun bí apẹ̀rẹ̀ ńlá fún ògiri, wọ́n wá to ilẹ̀ tí koríko hù lórí rẹ̀, tí wọ́n gé ní búlọ́ọ̀kù-búlọ́ọ̀kù, sí ẹ̀yìn rẹ̀, wọ́n sì fi koríko òkè bo orí rẹ̀. Mo fi ọwọ́ kan ògiri náà. Ó tutù, ó ń rùn bí oko lẹ́yìn òjò. Mo rántí ilé àgbà Màmá Àgbà, kí wọ́n tó fi símẹ́ǹtì rẹ́ ẹ. Ayọ̀ jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níbẹ̀, kò fẹ́ jáde.

Ní ọ̀sán, a sọ̀ sí etí omi, mo gbé kúlà jáde. Ìrẹsì jọ̀lọ́ọ̀fù, dòdò, àti mọ́ínmọ́ín tí mo sè mọ́jú. Ọkùnrin náà fẹ́ lọ jẹ búrẹ́dì rẹ̀ nínú mọ́tò, ó ní iṣẹ́ lòun wà. Mo ní kò ṣeé ṣe, bí Màmá bá gbọ́ pé a jẹun kí ẹni tó gbé wa rìn máa wò wá láti inú mọ́tò, wọ́n á bá mi wí. Ó jókòó. Ó jẹ mọ́ínmọ́ín tán, ó béèrè òmíràn. Òun náà yọ midinmíìdìn kan tí wọ́n ń fi wàrà àti ṣúgà sè jáde, ìyàwó rẹ̀ ló ṣe é, ó gé e fún àwọn ọmọ. Kòkòrò kéékèèké kan tó ń jẹni ju ẹ̀fọn lọ ló lé wa kúrò níbẹ̀.

A rí Ben Nevis, òkè tó ga jù ní gbogbo Britain, mítà 1,345, ṣùgbọ́n kùrukùru kò jẹ́ ká rí orí rẹ̀. Fort William tó wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀, orúkọ ọba yẹn náà ló ń jẹ́. Ṣùgbọ́n lédè Gaelic, wọn kò dárúkọ ọba rárá, bárékè lásán ni wọ́n ń pè é. A dé Glenfinnan, níbi tí rélùwéè èéfín ti ń gba orí afárá olójú 21 kọjá. Inú Ayọ̀ dùn débi pé kò sùn mọ́ títí a fi délé.

Ohun tó wà lọ́kàn mi jù kò sí nínú ìwé àwọn arìnrìn-àjò. Ọkùnrin náà yà sí ọ̀nà kékeré kan, ó dúró níbi tí àgùntàn ń jẹko. Ó ní kí n wo àárín koríko dáadáa. Mo wò ó títí, mo wá rí òkúta tí a tò, ìlà ìlà, ìpìlẹ̀ ilé. Ahoro abúlé ni. Láti ìparí ọ̀rúndún kejìdínlógún títí wọ àárín èyí tó tẹ̀ lé e, àwọn onílẹ̀ rí i pé àgùntàn ń mówó wọlé ju ayálégbé lọ, wọ́n bá lé àwọn èèyàn kúrò, wọ́n sì sun ilé mìíràn kí wọ́n má baà padà. Púpọ̀ wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Kánádà, Amẹ́ríkà àti Ọsirélíà. Ó ní ìdákẹ́rọ́rọ́ tí àwọn àlejò fi ń yin ilẹ̀ yìí, bí ó ṣe di ìdákẹ́rọ́rọ́ nìyẹn. Mo jókòó lórí òkúta kan. Bàbá, èmi fúnra mi ni mo ra tíkẹ́ẹ̀tì, ẹ̀yin àti Màmá lẹ gbàdúrà fún mi ní pápá ọkọ̀ òfurufú, ilé wa sì wà níbẹ̀ tí iná ń tàn nínú rẹ̀. Mo sunkún díẹ̀, n kò fi pamọ́ fún yín.

Nígbà tí a ń padà bọ̀, Ẹniọlá bi í bóyá láti kékeré ló ti gbọ́ Gaelic. Ó ní rárá. Ìyá àgbà òun gbọ́ ọ, ṣùgbọ́n wọ́n nà án nítorí rẹ̀ nílé ìwé, kò sì kọ́ àwọn ọmọ rẹ̀. Òun ti lé ní ogójì ọdún kí òun tó lọ forúkọ sílẹ̀ ní kíláàsì alẹ́. Nínú èèyàn tó lé ní mílíọ̀nù márùn-ún, bíi 57,000 péré ni ìkànìyàn ọdún 2011 rí tó ń sọ ọ́. Mo rántí pátákó tí àwọn tíṣà máa ń gbé kọ́ ọmọ tó bá sọ Yorùbá lọ́rùn. Mo sì rántí pé ẹ̀yin kò gbé e kọ́ ẹnikẹ́ni lọ́rùn rí.

Ẹniọlá wá kọjú sí mi. Ó ní, Mọ́mì, kí ni orúkọ àwọn òkè ilé Bàbá Àgbà? Orósùn nìkan ló bọ́ sí mi lẹ́nu. Ó dúró kí n sọ èyí tó kù.

Nítorí náà, Bàbá mi, ẹ jọ̀ọ́, bí ẹ bá ráyè, ẹ kọ wọ́n ránṣẹ́ sí wa. Ọ̀kọ̀ọ̀kan, pẹ̀lú àmì ohùn, kí ẹ sì kọ ìdí tí wọ́n fi ń pè é bẹ́ẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Bí ẹ bá lè ya máàpù bí ẹ ṣe máa ń yà á sára bọ́ọ̀dù, inú ọmọ yín á dùn. Mo ti ra ìwé aláwọ̀ ewé kan tí a máa kọ ọ́ sí. Ẹniọlá ti kọ "Òkè Orósùn" sí ojú ìwé àkọ́kọ́, ó fi ìlà mọ́kànlá sílẹ̀ lábẹ́ rẹ̀.

Mo fi fọ́tò mẹ́fà sínú àpòòwé yìí. Ti ahoro náà ni mo kọ nǹkan sí lẹ́yìn. Ẹ bá mi kí gbogbo ará ilé.

Èmi ni ọmọ yín,
Fúnmiláyọ̀