Lẹ́tà sí Àdùkẹ́: èdè tí wọ́n ń sọ ní São Tomé

Àdùkẹ́ mi ọ̀wọ́n,

Ṣé dáadáa ni o wà? Bàbá Tọ́pẹ́ ńkọ́, àwọn ọmọ ńkọ́? Mo gbọ́ pé ẹsẹ̀ Màmá ti ń san, ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run. Ara èmi àti baálé mi le. Ọjà ń tà níwọ̀nba. Àwọn obìnrin ibí fẹ́ràn ańkárá wa gan-an, ẹrù tó ń gba orí omi bọ̀ ni kì í dé lásìkò tí wọ́n bá dá fún wa.

Nínú ohùn tí o fi ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp, o ní ṣebí Potogí náà ni wọ́n ń sọ ní São Tomé níbí, kí ló tún kù. Mo fẹ́ fi ohùn fèsì, àmọ́ mo mọ̀ ọ́. Olùkọ́ Yorùbá ni ẹ́, ìbéèrè kan á bí mẹ́wàá. Ìdí nìyẹn tí mo fi jókòó kọ ìwé sí ọ bíi ti ayé àtijọ́.

Kí àwọn Potogí tó gúnlẹ̀ síbí ní nǹkan bí ọdún 1470, kò sí ẹ̀dá ènìyàn kankan ní erékùṣù yìí. Igbó kìjikìji, òkè àti ẹyẹ ni wọ́n bá. Kò sí ẹni tó lè máa pe ara rẹ̀ ní ọmọ onílẹ̀ níbí bí wọ́n ṣe máa ń ṣe sí wa ní Èkó. Ibòmíràn ni wọ́n ti kó baba ńlá gbogbo wọn wá, tipátipá sì ni fún èyí tó pọ̀ jù. Ọba Pọ́túgàl kó àwọn ọ̀daràn tí wọ́n lé kúrò nílùú wá. Ní ọdún 1493, wọ́n gba àwọn ọmọ Júù kéékèèké lọ́wọ́ òbí wọn, wọ́n kó wọn wá síbí, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò sì yè é. Ẹrú ló tún kàn, tí yóò máa ṣiṣẹ́ oko ìrèké. Níbo ni wọ́n ti kọ́kọ́ ra ẹrú ọ̀hún? Ìjọba Bìní àti agbègbè ẹnu Odò Ọya. Àwọn ará Kóńgò àti Àǹgólà ló tẹ̀lé wọn.

Láàárín àwọn tó kọ́kọ́ dé yìí ni èdè tuntun kan ti jáde. Potogí ni ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀, ṣùgbọ́n bí wọ́n ṣe ń to ọ̀rọ̀ náà pọ̀ jọ ti ilé. Nígbà tó di ọdún 1515, ọba fọwọ́ sí i pé kí àwọn ẹrúbìnrin tó bímọ fún Potogí, àti àwọn ọmọ wọn, di òmìnira. Forro ni wọ́n ń pe ẹni tó gba òmìnira bẹ́ẹ̀, Forro náà ni wọ́n sì ń pe èdè wọn títí dòní. Àwọn kan ń pè é ní Santome.

Wá bá mi lọ sọ́jà. Palaiê ni wọ́n ń pe àwọn obìnrin tó ń pàtẹ ẹja àti èso. Ọ̀kan wà nítòsí ṣọ́ọ̀bù wa tó ń ta ata mọ́ ẹja. Ó ń pọ́n ata rẹ̀ lójú oníbàárà, mo gbọ́ tó ní ó “vlemê bababa”. Vlemê ni pupa, Potogí ni wọ́n ti mú un. Bababa ńkọ́? Àdùkẹ́, fòò inú pupa fòò ni! Nǹkan kì í kàn dúdú lẹ́nu wọn, àfi kó jẹ́ pletu lululu. Tó bá funfun, blanku fenene. Tí ọbẹ̀ bá gbóná janjan, kentxi zuzuzu. O ò sì gbọdọ̀ fi ọ̀kan dípò èkejì. Mo mọ̀ọ́mọ̀ sọ pé aṣọ kan blanku lululu, ìyá náà wò mí bí o ṣe máa wo ọmọ tó bá sọ fún ọ ní kíláàsì pé ẹ̀wù òun funfun kirikiri. Kò sí ibi tí Potogí ti fẹ́ rí irú èyí.

Tí o bá ní kí wọ́n ra ẹja fún ọ, “kopla pixi da mu” ni. Da yẹn ni ọ̀rọ̀ tí wọ́n fi ń sọ pé èèyàn fúnni ní nǹkan, òun náà ló ń ṣiṣẹ́ “fún” bí tiwa gẹ́lẹ́. Ibi tí wọ́n ti yàtọ̀ sí wa ni tí wọ́n bá fẹ́ sọ pé nǹkan ò rí bẹ́ẹ̀. “N na sêbê fa” ni mi ò mọ̀: na ṣáájú, fa tẹ̀yìn, wọ́n há ọ̀rọ̀ sáàárín. Mo ṣì máa ń gbàgbé, mo máa ń sọ na, màá wá fi fa sílẹ̀. Ìwà ọmọlúàbí wọn ló tù mí lára jù. Wọn kì í pe àgbà lórúkọ ṣákálá, Sun ni fún bàbá, San ni fún ìyá, kó tó kan orúkọ. Èmi náà ti di San níbí o.

Àwọn onímọ̀ èdè ní nínú gbogbo èdè ilẹ̀ Áfíríkà tó pàdé níbí, Ẹ̀dó, èdè àwọn ará Bìní, ni ọwọ́ rẹ̀ hàn jù ní ìpìlẹ̀ Forro. Mo gbà fún wọn. Nígbà tí mo gbọ́ tí ẹnìkan pe gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ òkè ní oke, n kò béèrè ìtumọ̀ rẹ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

Lápá gúúsù, ní São João dos Angolares, èdè míràn ni. Apẹja ni wọ́n, Angolar ni wọ́n ń pè wọ́n. Ìtàn tí wọ́n ń sọ fọ́mọ ni pé ọkọ̀ ẹrú kan láti Àǹgólà ló rì sétí òkun ibẹ̀, tí àwọn tó yè é wọ igbó lọ. Ìtàn dídùn ni, àmọ́ mi ò rò pé bẹ́ẹ̀ ló rí. Bí a bá yọ ọ̀rọ̀ Kimbundu, èdè kan láti Àǹgólà, tó kún inú èdè wọn kúrò, egungun Forro ni yóò kù. Ẹni tó ti inú ọkọ̀ tó rì bọ́ sínú igbó, tí kò bá ẹnikẹ́ni gbé, níbo ló ti rí egungun yẹn? Ẹrú tó sá kúrò lóko ìrèké ni wọ́n, wọ́n ti gbọ́ èdè oko náà kí wọ́n tó sá. Ọ̀pọ̀ àwọn onímọ̀ ló sì fara mọ́ ọn bẹ́ẹ̀. Ọmọbìnrin tó ń bá wa dúró ní ṣọ́ọ̀bù, ará ibẹ̀ ni. Ìyá rẹ̀ àgbà ń fi nọ́ńbà Kimbundu ka ẹja, òun alára, Potogí ló fi ń ka owó.

Brazil ló gba ọjà ìrèké mọ́ wọn lọ́wọ́, erékùṣù náà sì rọ̀. Nígbà tó di ọgọ́rùn-ún ọdún kọkàndínlógún, kọfí àti kòkó dé, àwọn Potogí tún padà wá dá oko ńláńlá tí wọ́n ń pè ní roça. Wọ́n fòpin sí oko ẹrú níbí ní ọdún 1875. Ta ni yóò wá máa ṣa kòkó? Àwọn Forro ní àwọn ò ṣe, iṣẹ́ ẹrú ni iṣẹ́ roça lójú wọn. Ni Potogí bá ń kó àwọn ènìyàn wá láti Àǹgólà, Mòsáńbíìkì àti Cape Verde, wọ́n ní àwọn bá wọn ṣe àdéhùn iṣẹ́. Àdéhùn lórúkọ lásán ni, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò fojú kan ilé mọ́. Ọ̀rọ̀ náà burú débi pé ilé iṣẹ́ Cadbury kọ̀, ó lóun ò ra kòkó ibí mọ́ ní ọdún 1909. Ní ọdún 1953, ọ̀rọ̀ ta sí àwọn Forro létí pé gómìnà fẹ́ fi tipátipá kó àwọn náà wọ roça. Wọ́n yarí, ìjọba Potogí sì pa wọ́n nípakúpa ní Batepá. Ọjọ́ kẹta oṣù kejì ni wọ́n fi ń ṣèrántí wọn lọ́dọọdún, a kì í ṣí ṣọ́ọ̀bù lọ́jọ́ náà.

Mi ò gbé ìtàn yẹn wá láti fi kún ìwé. Inú rẹ̀ ni ìdáhùn ìbéèrè rẹ wà. Forro kò jẹ́ kí àwọn ará oko wọnú èdè wọn, torí èdè ọmọ òmìnira ni wọ́n kà á sí. Ará Àǹgólà àti ará Mòsáńbíìkì tó jọ ń gbé ilé roça kan náà kò gbọ́ra wọn. Potogí tí ọ̀gá oko ń sọ nìkan ni gbogbo wọn jọ ń gbọ́ fírífírí, òun ni àwọn ọmọ tí wọ́n bí síbẹ̀ fi ṣe èdè abínibí. Ó ti rí bẹ́ẹ̀ kí òmìnira orílẹ̀-èdè tó dé ní 1975, kí ilé ìwé tó wá bá wọn parí iṣẹ́ náà. Ẹni tó bá sọ fún ọ pé ìtìjú nìkan ló mú kí wọ́n jọ̀wọ́ èdè wọn, kò wo ìwé tí wọ́n fi ń kọ orúkọ òṣìṣẹ́ roça.

Príncipe ló dùn mí jù. Erékùṣù kejì nìyẹn, kékeré ni, ó fi nǹkan bí 150 kìlómítà jìnnà sí wa. Lung'Ie ni èdè tiwọn. Yàtọ̀ sí Forro, wọ́n ṣì ń pe gb àti kp bí àwa náà ṣe ń pè é, ugba ni wọ́n ń pe ọgbà. Àrùn tí eṣinṣin máa ń kó ranni, tí aláìsàn yóò máa sùn títí ẹ̀mí yóò fi bọ́, ló wọ ibẹ̀ nígbà tí ọgọ́rùn-ún ọdún ogún ń bẹ̀rẹ̀. Ó pa àwọn ọmọ ibẹ̀ débi pé díẹ̀ ló ṣẹ́ kù. Oko kòkó ò sì lè dúró, wọ́n kó ará Cape Verde kún un, ọmọ wọn ló pọ̀ jù níbẹ̀ lónìí. Tí o bá dé Príncipe, èdè Cape Verde ni wàá máa gbọ́ ládùúgbò. (Roça Sundy ní ibẹ̀ náà ni Eddington, onímọ̀ nípa ìràwọ̀, ti wo oòrùn tó wọ̀ọ̀kùn ní 1919, èyí tí wọ́n fi jẹ́rìí sí àbá Einstein. Sọ fún Bàbá Tọ́pẹ́, yóò fẹ́ràn ìyẹn.) Wọ́n ti ń kọ́ àwọn ọmọ ní Lung'Ie nílé ìwé báyìí.

Èdè kan tún wà ní Annobón, Fa d'Ambô, tó tan mọ́ àwọn yìí. Àmọ́ Pọ́túgàl ti fi erékùṣù yẹn fún Spéènì láti 1778, Guinea Equatorial ló ni ín báyìí, Sípáníìṣì ni wọ́n ń kọ́ níléèwé. Mi ò tíì débẹ̀.

Ìkànìyàn ọdún 2012 nìyí, wọ́n sì gbà kí èèyàn dárúkọ ju èdè kan lọ: nínú ẹni 100, nǹkan bí 98 ń sọ Potogí, 36 ń sọ Forro, 8 ń sọ ti Cape Verde, 6 tàbí 7 ń sọ Angolar, Lung'Ie ni ẹnìkan péré. Lójú àwọn kan nílùú níbí, Potogí tó bàjẹ́ ni Forro, wọ́n máa ń jágbe mọ́ ọmọ tó bá sọ ọ́. Mo ti bá ìyá kan jiyàn lórí ẹ̀ rí. Ó ní ṣé mo fẹ́ kọ́mọ òun fìdí rẹmi ni. Mo dákẹ́, torí mo mọ ohun tí wọ́n ń ṣe fún ọmọ tó bá sọ Yorùbá ní àwọn iléèwé aládàáni tó wà ládùúgbò yín.

Ó ku nǹkan kan tí mo fẹ́ kí o bá mi ṣe. Ọmọ Bìní ni olùkọ́ ìṣirò yín, àbí mo gbàgbé? Jọ̀ọ́, ní kó sọ ohun tí wọ́n ń pe ọgbà, òkè àti ìgbín nílé wọn, kó sọ ọ́ sórí fóònù rẹ, kí o fi ránṣẹ́. Bàbá àgbàlagbà kan wà níbí tó gbọ́ Lung'Ie dáadáa, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni mo fẹ́ gbé e lọ. Tí o bá sì rí ẹni tó ń bọ̀ ní oṣù tó ń bọ̀, fi èlùbọ́ rán an, kó má pọ̀ jù, wọ́n máa ń yọni lẹ́nu ní pápákọ̀ òfurufú.

Bá mi kí Màmá.

Èmi ni tìrẹ,
Mojísọ́lá