Ìkéde fún Àwa Ayàwòrán Páìpù ní Àkúrẹ́: Àkójọ Ẹ̀yà Páìpù Wa

Ẹ̀yin ará wa, a kí yín o. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má ṣe máa ya àwòrán flange (àwo irin ẹnu páìpù tí a fi bóòtì so mọ́ èkejì) kọ̀ọ̀kan lọ́tọ̀ lórí kọ̀ǹpútà mọ́; ẹyọ kan ṣoṣo ni kí ẹ yà, kí gbogbo ìwọ̀n rẹ̀ máa ti inú àtẹ ìwọ̀n wá, tó fi jẹ́ pé bí a bá ti yan ìwọ̀n páìpù àti kíláàsì (Class, ìpele ìfúnpá tí flange lè gbà), àwòrán náà yóò tún ara rẹ̀ ṣe. Ẹ wo flange páìpù ínǹṣì 4 nínú ASME B16.5, ìwé ìlànà ìwọ̀n flange ti ẹgbẹ́ àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ ilẹ̀ Amẹ́ríkà: ní Class 150, fífẹ̀ rẹ̀ láti etí dé etí jẹ́ mìlímítà 229, ihò bóòtì rẹ̀ sì jẹ́ 8, ní Class 300, iye ihò kò yí padà, ṣùgbọ́n fífẹ̀ rẹ̀ di 254. Ẹni tó bá ka ihò nìkan yóò ṣìnà, ó sì ká mi lára gan-an, nítorí páìpù tí a ti gé kò ṣeé so padà bí okùn. Kí olúkúlùkù mú àtẹ tirẹ̀ wá sí ìpàdé tó ń bọ̀.