Ìtàn kò lè bí ara rẹ̀

Olóòtú mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú iṣẹ́. Àbá tí ẹ gbé jáde lọ́sẹ̀ tó kọjá, pé ìtàn tó bá ń sọ nípa ara rẹ̀ lè di okùnfà ara rẹ̀, dùn-ún kà. Àmọ́ ohun méjì tí kò bára tan ló so pọ̀: kí ọ̀rọ̀ máa tọ́ka sí ara rẹ̀, àti kí nǹkan máa fa ara rẹ̀.

Ẹ wo gbólóhùn yìí: "Ọ̀rọ̀ márùn-ún ni gbólóhùn yìí ní." Ẹ kà á, mẹ́fà ni, irọ́ ló ń pa. Ẹ yọ márùn-ún, ẹ fi mẹ́fà sí i, ó di òótọ́. Ẹ ki "péré" bọ̀ ọ́, ó tún bàjẹ́, àfi kí mẹ́fà di méje. Ojú tó kà á àti ọwọ́ tó tún un kọ ló sọ ọ́ di òótọ́, wọ́n sì ti parí iṣẹ́ wọn kí gbólóhùn náà tó jókòó dáadáa. Lórí ìwé, òrùka ni. Lọ́wọ́ ẹni tó kọ ọ́, àkàbà ni.

Òǹkọ̀wé yín fi Kurt Gödel, onímọ̀ ìṣirò, ṣe ẹlẹ́rìí, ó sì da iṣẹ́ méjì rẹ̀ pọ̀. Ti 1931 dá lórí gbólóhùn kan nínú ètò ìṣirò, tó ń sọ, nípasẹ̀ nọ́ńbà tó dúró fún un, pé kò sí ẹ̀rí òun nínú ètò náà. Kò sí àkókò níbẹ̀, kò sì sí ohun tó fa nǹkan kan. Ti 1949 ló kan àkókò: ìṣirò Einstein gba ayé kan tó ń yí, níbi tí arìnrìn-àjò ti lè padà bá àná rẹ̀. Ìtàn kankan ò sí nínú ìyẹn.

Àárín àwọn tó ń gbọ́ ọ ni ọ̀rọ̀ ti ń sọ ara rẹ̀ di òótọ́. Robert Merton, onímọ̀ nípa àwùjọ, ti ṣàlàyé èyí ní 1948. Ní December 1973, ọ̀rọ̀ táwọn ọmọ iléèwé ń bára wọn sọ nínú ọkọ̀ ojú irin ní Japan di àhesọ pé báǹkì Toyokawa Shinkin fẹ́ kógbá sílé, làwọn èèyàn bá ya lọ gba owó wọn. Níbí, òótọ́ kò lé irọ́ bá. Irọ́ ló ń di òótọ́ lọ lójú ọ̀nà. Ẹ ya ọfà rẹ̀ sórí ìwé, láti ohun kan sí èyí tó fà: àhesọ, etí, ẹsẹ̀, ìlà níwájú báǹkì, àhesọ tuntun. Ẹ wá kọ aago sí ẹ̀gbẹ́ ọfà kọ̀ọ̀kan, òrùka náà á já. Báǹkì yẹn kò wó, nítorí báǹkì àpapọ̀ gbé owó wá, ó gé ọfà kan.

Àsọtẹ́lẹ̀ tí gbogbo èèyàn kà ṣì lè bọ́ sí i. Grunberg àti Modigliani, àwọn onímọ̀ ọrọ̀ ajé, fi ìṣirò hàn án ní 1954. Ká ní 300 èèyàn á wá síbì kan bó ti wù kó rí, kí ìdajì iye tí ìwé ìròyìn bá kọ sì kún wọn. Ẹ kọ 200, 400 á wá. Ẹ kọ 400, 500 á wá, 500, 550. Ẹ kọ 600, 600 gan-an ló máa wá. Bí ìhùwàsí wọn bá le jù ńkọ́, tí iye tó wá jẹ́ ìlọ́po méjì ohun tí ẹ kọ, ká yọ 600 kúrò? 600 ṣì tọ̀nà, ṣùgbọ́n ẹni tó bá kọ 590 á rí 580, lẹ́yìn náà 560, á sì máa jìnnà sí i. Èyí tó burú jù ni ti àwọn tó ń fò sódì: ẹ kọ 600 tàbí jù bẹ́ẹ̀, kò sẹ́ni tó máa wá, ẹ kọ ohun tó dín, 1,000 á ya dé. Kò sí nọ́ńbà tó lè tọ̀nà níbẹ̀. "Irọ́ ni gbólóhùn yìí" nìyẹn, gbólóhùn tí kò lè jẹ́ òótọ́, tí kò sì lè jẹ́ irọ́, tó wọ aṣọ ìta.

Bí òǹkọ̀wé yín bá fẹ́ dán àbá rẹ̀ wò, kó kọ ìtàn kan ní ẹ̀dà méjì: ọ̀kan tó dárúkọ ara rẹ̀, èkejì tí wọ́n ti yọ ibẹ̀ kúrò. Kó ju owó ẹyọ láti pín wọn fáwọn òǹkàwé, kó sì ti ẹ̀dà kẹta, tó dárúkọ ara rẹ̀, mọ́ inú àpótí láìjẹ́ kẹ́nikẹ́ni kà á. Àbá okùnfà-ara-ẹni sọ pé ti inú àpótí náà yẹ kó ṣiṣẹ́. Kó kọ ohun tí ìtàn náà máa fà àti ọjọ́ tó máa fà á sílẹ̀, kó fi ránṣẹ́ sí yín kó tó kó ìwé pín.

Èmi ni tiyín,
Òǹkàwé yín